Ẹ fẹ́ fẹsẹ̀ rin Pópó Àgùdà l'Ékòó? Bí ẹ ṣe máa ṣe é nìyí

Ẹni tó bá rò pé òun mọ Lagos Island torí pé òun máa ń lọ ra aṣọ ní Balógun, ẹ bá mi sọ fún un pé kò tíì mọ ibẹ̀. Ibi tó ti ń dúnàádúrà yẹn náà, tó bá lè gbójú sókè kúrò lára agboòrùn àwọn oníṣòwò, ó máa rí fèrèsé tí orí ẹ̀ tẹ̀ kọrọdọ bí òṣùmàrè, òdòdó tí bíríkìlà ayé àtijọ́ fi ọwọ́ mọ sára ògiri, bákónì onírin tó ti dípẹtà àmọ́ tí ẹwà ẹ̀ ò tíì lọ. Iṣẹ́ àwọn Àgùdà nìyẹn, àdúgbò wọn la sì ń pè ní Pópó Àgùdà, òun ni mo fẹ́ kí ẹ fẹsẹ̀ rìn, kẹ́ ẹ mú ẹni tó mọ ibẹ̀ dání.

Ìtàn ẹ̀ ní kúkúrú: Àgùdà ni àwọn tí wọ́n kó lẹ́rú lọ sí Brazil àti Kúbà, àti àwọn ọmọ wọn, tí wọ́n wọkọ̀ ojú omi padà wálé láàárín ọdún 1800 sí 1900, pàápàá lẹ́yìn tí àwọn ẹrú Mùsùlùmí dìtẹ̀ ní Salvador, Bahia, lọ́dún 1835 tí ìjọba ibẹ̀ wá ń fojú ọmọ Áfíríkà gbolẹ̀. Wọn ò padà lọ́wọ́ òfo o. Bíríkìlà ń bẹ nínú wọn, káfíńtà ń bẹ, aránṣọ ń bẹ. Apá ìlà oòrùn erékùṣù ni wọ́n tẹ̀dó sí, àwọn Sàró tó ti Sierra Leone dé sì wà lápá kejì ní Olówógbowó. Ìdí nìyẹn tẹ́ ẹ fi máa ń gbọ́ da Silva, Pereira, Cardoso, Salvador, kẹ́ ẹ sì rí i pé ọmọ Èkó pọ́ńbélé lẹni tó ń jẹ́ ẹ.

Nǹkan tó ṣe pàtàkì jù ni gáìdì, ẹ má wulẹ̀ kánjú mú ẹni tẹ́ ẹ kọ́kọ́ rí lórí Instagram tó gbé fọ́tò tó dáa síbẹ̀. Ẹ bi í léèrè pé ilé ta ló máa mú yín wọ̀. Kẹ́ ẹ bi í bẹ́ẹ̀ gan-an. Gáìdì tó jẹ́ pé ojú títì ló máa dúró sí, tó máa máa ka ọdún bí ẹni ń ka ìwé fún yín, ẹ lè ka ìyẹn fúnra yín nílé. Èyí tẹ́ ẹ fẹ́ ni ẹni tó jẹ́ pé bó ṣe ń kọjá, ìyá kan tó jókòó sẹ́nu ọ̀nà á ké sí i pé “ìwọ ọmọ yìí, o ò wá kí wa mọ́, ta lo tún kó wá lónìí?” Onítọ̀ún ló máa lè sọ fún màmá pé “ẹ jọ̀ọ́ mà, àlejò mi ni wọ́n, ẹ jẹ́ kí wọ́n fojú kan àkàbà yín”, tí màmá á sì gbà. Ẹ tún bèèrè iye èèyàn tó ń kó rìn lẹ́ẹ̀kan, tó bá ti ju mẹ́wàá, méjìlá lọ, àwọn tó wà lẹ́yìn ò ní gbọ́ nǹkan kan, ariwo Èkó kì í ṣe kékeré.

Owó ńkọ́? Kẹ́ ẹ tó gbéra ni kẹ́ ẹ ti sọ ọ́, kó yé yín bóyá owó ìwọlé sí Freedom Park wà nínú ẹ̀, bóyá owó tí wọ́n máa ń fún àwọn ọmọ àdúgbò wà nínú ẹ̀, torí ẹ máa pàdé wọn, ká má parọ́. Àwọn bọ́ìsì á ní “Tuálé! Ẹ wo àwa náà o.” Ẹ má dá wọn lóhùn pẹ̀lú ìbínú, ẹ má sì yọ bọ́ńdù owó jáde lójú wọn. “Ẹ̀yin ẹ̀gbọ́n, ẹ kú àdúgbò o”, kẹ́ ẹ sì fi ìyókù sílẹ̀ fún gáìdì, iṣẹ́ tiẹ̀ nìyẹn. Ẹ ṣẹ́ owó kéékèèké sínú àpò kan lọ́tọ̀, fún omi inú ọ̀rá, fún màmá tó gbà yín sílé.

Ọjọ́ tó dáa jù lójú tèmi ni Sọ́ńdè, láàárọ̀ kùtù. Ẹlòmíì á ní Sátidé ni, àmọ́ lọ́jọ́ Sátidé ọjà ṣì kún, àwọn tó ń ṣe ìnáwó á ti ta tápólì dí títì pa, kẹ́ ẹ tó kọjá búlọ́ọ̀kù kan agbára ti tán. Lọ́jọ́ Sọ́ńdè àwọn ṣọ́ọ̀bù tì, agboòrùn ò sí, ẹ á lè dúró lódì kejì títì kẹ́ ẹ wo ilé látòkè délẹ̀. Ìṣòro ẹ̀ kan ni pé ìsìn á máa lọ lọ́wọ́ nínú àwọn ṣọ́ọ̀ṣì, ẹ ò sì lè máa rìn gbéregbère wọlé níbi táwọn èèyàn ti ń gbàdúrà, torí náà ẹ fi wọ́n sẹ́yìn di nǹkan bí aago mọ́kànlá. Oṣù June àti July, òjò lè sọ ibẹ̀ di odò. December dáa, ọyẹ́ ń fẹ́, àmọ́ àwọn tó ti òkè òkun dé á ti pọ̀, owó gbogbo nǹkan á sì ti gòkè, ọ̀rọ̀ yẹn ò ṣẹ̀ṣẹ̀ nílò àlàyé.

Bàtà tó dì mọ́ ẹsẹ̀ ni kẹ́ ẹ wọ̀, kì í ṣe sílípáàsì, torí orí gọ́tà lẹ máa gbà kọjá lọ́pọ̀ ibi, pákó tó wà lórí òmíì sì ti jẹra. Ẹ má gbé ọkọ̀ wá, àyè ìgbọ́kọ̀sí ò sí. Bọ́ọ̀sì BRT máa já yín sí CMS, ẹni tó bá ń bọ̀ láti apá Mile 2 lè wọ rélùwéè Blue Line dé Marina, ẹ sáà ti fi owó sínú káàdì Cowry yín sílẹ̀, òun ni wọ́n fi ń sanwó ọkọ̀.

Láti Marina, ẹ kọ́kọ́ yà ní Cathedral Church of Christ, ṣọ́ọ̀ṣì ńlá tí wọ́n fi òkúta ìpìlẹ̀ ẹ̀ lélẹ̀ lọ́dún 1925 tí wọn ò parí títí di 1946, egungun Bíṣọ́ọ̀bù Àjàyí Crowther wà níbẹ̀. Ẹ má pẹ́ síbẹ̀ jù. Kakawa ló yẹ kẹ́ ẹ tètè dé, níbi tí Water House wà, ilé Candido da Rocha. Ìjẹ̀ṣà ni bàbá ẹ̀, João Esan da Rocha, wọ́n kó o lẹ́rú lọ sí Bahia, òun àti ọmọ ẹ̀ sì jọ padà sí Èkó. Lásìkò tí omi tó mọ́ ṣọ̀wọ́n l'Ékòó, kànga inú ọgbà yẹn làwọn èèyàn ti ń ra omi, orúkọ ilé ò ṣàdédé wá. Ilé ẹbí ni o, kì í ṣe mùsíọ́mù, tí gáìdì ò bá ti bá wọn sọ ọ́ sílẹ̀, ojú títì lẹ máa ti wò ó.

Freedom Park ni ẹ máa ti sinmi díẹ̀. Ọgbà ẹ̀wọ̀n Broad Street ni tẹ́lẹ̀, àwọn òyìnbó kọ́ ọ pẹ̀lú ògiri alámọ̀ lọ́dún 1882, àwọn èèyàn ń da iná sí i, ni wọ́n bá kó bíríkì wá láti Britain lọ́dún 1885. Herbert Macaulay sẹ̀wọ̀n níbẹ̀, Awólọ́wọ̀ náà dé ibẹ̀. Ọdún 2010 ló di ọgbà ìgbafẹ́. Ẹ ní kí wọ́n fi ibi tí wọ́n ti ń yẹgi fún èèyàn hàn yín, kẹ́ ẹ sì wo bí yàrá ẹlẹ́wọ̀n ṣe fún tó, ẹ na apá yín méjèèjì, ẹ máa mọ̀ ọ́n fúnra yín. Ilé ìyàgbẹ́ wà níbẹ̀, ẹ lò ó, torí ìkejì ẹ̀ tó mọ́ ò sí nítòsí.

Ní báyìí ẹ wọ Pópó Àgùdà fúnra ẹ̀: Bámgbóṣé, Ìgbóṣẹ̀rẹ̀, Tòkunbọ̀, Campos. Ẹ dẹ ẹsẹ̀ níbí. Ilé Àgùdà, bẹ́ ẹ ṣe máa dá a mọ̀: ilẹ̀kùn ńlá wà láàárín gbùngbùn, fèrèsé tòsì àti tọ̀tún sì máa ń báramu, tẹ́ ẹ bá wọlé ẹ máa bá ọ̀nà tóóró kan tó gba àárín ilé já sẹ́yìn, yàrá wà lọ́tùn-ún lósì. Ògiri ẹ̀ nípọn gan-an, ẹ fi àtẹ́lẹwọ́ kàn án ẹ máa rí i pé ó tutù, bóòrùn tilẹ̀ ń pani níta. Níbi tí ọ̀dà ti ṣí, ẹ wo ìsàlẹ̀ ẹ̀ dáadáa, ẹ máa rí ọ̀dà pupa lábẹ́ ti búlúù, òmíràn lábẹ́ ìyẹn, ìran kọ̀ọ̀kan ló kùn ún bó ṣe wù ú. Àkàbà onígi ẹ̀ máa ń dún, ẹ máa gùn ún lọ́kọ̀ọ̀kan, ọ̀pọ̀ ti gbó.

Fọ́tò. Ẹ má ya ẹnikẹ́ni láìtọrọ àyè, mo bẹ̀ yín. Ẹ kúnlẹ̀ tàbí kẹ́ ẹ tẹ̀ ba fún àgbà, “Ẹ kú ìjókòó mà, ilé yín wù wá, ṣé a lè yà á?” Tí wọ́n bá ní rárá, ẹ dúpẹ́ kẹ́ ẹ máa lọ. Àwọn míì ń bẹ̀rù pé ẹ fẹ́ tà á lẹ́yìn wọn ni, wọn ò sì jẹ̀bi, torí ohun tójú wọn ti rí. Ilé Ilọ́jọ̀ tó wà ní Tinúbú, tí ẹbí Fernandez kọ́ ní nǹkan bí 1855, tí ìjọba ti kéde lọ́dún 1956 pé ohun àjogúnbá orílẹ̀-èdè ni, September 2016 ni wọ́n wó o palẹ̀. Tẹ́ ẹ bá dé Tinúbú, ẹ ní kí gáìdì fi ibi tó wà hàn yín. Inú á bí yín, inú bí èmi náà.

Láti ibẹ̀ ẹ gba Martins Street lọ sí mọ́ṣáláṣí Shitta-Bey, èyí tí wọ́n ṣí lọ́dún 1894. Mohammed Shitta tó kọ́ ọ jẹ́ Sàró, Mùsùlùmí olówó, Àgùdà kan tó ń jẹ́ João Baptista da Costa ló sì gbéṣẹ́ fún, ẹ wo iwájú mọ́ṣáláṣí yẹn kẹ́ ẹ wá sọ fún mi bóyá kò jọ àwọn ilé tẹ́ ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bọ̀ nídìí ẹ̀. Oyè Bey yẹn, Súlútáànì ilẹ̀ Ọ́tómánì ló fi dá a lọ́lá. Ẹ bọ́ bàtà, kí obìnrin borí, kẹ́ ẹ má sì lọ lásìkò ìrun.

Ìgá Ìdúngánràn lẹ máa parí sí, ààfin ọba Èkó. Ojúlé nìkan lọ̀pọ̀ èèyàn ń rí, àyàfi tí wọ́n bá ti gba àyè sílẹ̀ fún yín. Ibí ni kẹ́ ẹ ti bèèrè ìjà Kòsọ́kọ́ àti Akítóyè tí wọ́n jọ du oyè ọba Èkó, bí òyìnbó ṣe yìnbọn lu Èkó lọ́dún 1851, àti bí ọba Dòsùnmú ṣe tọwọ́ bọ̀wé tó fi Èkó lé òyìnbó lọ́wọ́ lọ́dún 1861. Ẹ mọ̀ pé ibi tí gáìdì yín ti wá ló máa pinnu ẹni tó jàre nínú ìtàn yẹn, ẹ má bá a jiyàn, ẹ kàn bi ẹlòmíì tó bá yá. Tó bá jẹ́ ọjọ́ tí Ẹ̀yọ̀ ń jáde lẹ bọ́ sí o, ẹ yáa bọ́ bàtà, ẹ má dirun ṣùkú, ẹ má mu sìgá, ọ̀pámbàtà, ọ̀pá ọwọ́ Ẹ̀yọ̀, ò mọ àlejò.

Oúnjẹ: ẹni tó bá lọ nígbà Àjíǹde lè ríre, torí Good Friday ni wọ́n ń se fréjọ̀n, ẹ̀wà tí wọ́n sè jọ̀lọ̀ pẹ̀lú omi àgbọn, tí wọ́n ń fi ọbẹ̀ ẹja àti gààrí jẹ, ẹ má sì kúrò láìwo àwọn Fàńtì, àwọn oníjó kánífà Àgùdà, tó ń jó nínú ẹ̀wù aláràbarà. Lọ́jọ́ mìíì, ẹ ní kí gáìdì mú yín lọ síbi tó ti ń jẹun fúnra ẹ̀.

Gbogbo ẹ̀ á gbà yín tó wákàtí mẹ́ta, mẹ́rin tẹ́ ẹ bá ń dúró kí èèyàn. Ẹ san ìyókù owó gáìdì kẹ́ ẹ tó túká, tó bá ṣe dáadáa ẹ fi nǹkan lé e, kẹ́ ẹ sì gba nọ́ńbà ẹ̀, torí ẹ ò tíì dé Olówógbowó, ẹ ò sì tíì dé Ẹ̀pẹ́tẹ̀dó, àárọ̀ kan ò lè gbà wọ́n.