Bí mo ṣe bi wọ́n léèrè tírańsífà tí wọ́n fún mi

Ẹ̀yin tíṣà ẹgbẹ́ mi, tí ìwé tírańsífà bá já lù yín, ẹ kọ́kọ́ lọ bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ níbi tí wọ́n gbé yín lọ ná. Tíṣà Maths ni mí, wọ́n gbé mi láti Ìlọrin lọ sí Kaiama, ọmọ mi ò tíì já lẹ́nu ọmú, àwọn tíṣà Maths tí mo bá nílé ìwé mi ní Ìlọrin, tí wọ́n ti wà ńbẹ̀ kí n tó dé, ìwé ò kan ìkankan nínú wọn. Gbogbo èèyàn ní kí n má lọ, pé kí n wá ẹni ńlá tó máa bá mi pe fóònù. Mo lọ o. Mo gba lẹ́tà pé mo ti dé lọ́wọ́ prínsípà ibẹ̀, mo ṣe fọ́tókọ́pì ẹ̀, torí tí wọ́n bá lè kọ ọ́ pé o sá níṣẹ́ pẹ́nrẹ́n, owó oṣù lo máa máa lé kiri, ẹnikẹ́ni ò ní gbọ́ ti tírańsífà mọ́.

Alhaji lọ́yà kan ní Gaa Akanbi ló là mí lójú. Wọ́n ní, "Ìyá Àíṣà, tó o bá ń sọ fún kóòtù pé Kaiama jìnnà, wọ́n á ní ẹni tó gbà ẹ́ síṣẹ́ ló mọ ibi tó fẹ́ kó o ti ṣe é. Ìlànà wo ni wọ́n fi mú ẹ tí wọn ò fi mú ẹlòmíì? Ìyẹn ni kó o bi wọ́n."

La bá kọ̀wé sí àwọn tó fún mi ní tírańsífà, a gbé e lé òfin Freedom of Information ti 2011, ìyẹn òfin tó fún aráàlú láyè láti béèrè ohun tó wà lákọsílẹ̀ lọ́wọ́ ìjọba. Ọjọ́ 7 ni òfin yẹn fún iléeṣẹ́ ìjọba láti dáhùn, kò sì kàn wọ́n ohun tó o fẹ́ fi èsì ṣe. Tẹ́lẹ̀ àwọn ìpínlẹ̀ kan máa ń ní òfin àpapọ̀ ò de àwọn, àmọ́ Supreme Court ti ní ó dè wọ́n, oṣù kẹrin 2025 nìyẹn. Mo béèrè ìlànà tí wọ́n fi ń ṣe tírańsífà, mo tún béèrè iye ọdún tí tíṣà Maths kọ̀ọ̀kan ti lò nílé ìwé tó wà. Ẹ má béèrè orúkọ o! Òfin yẹn náà ló gbà wọ́n láyè kí wọ́n di ọ̀rọ̀ àdáni èèyàn mú, ibẹ̀ ni wọ́n á ti rí àwáwí. Obìnrin tó ń gba lẹ́tà ní kí n kàn gbé e síbẹ̀, mo ní rárá màámi, ẹ bá mi tẹ kọ́pì tèmi lóǹtẹ̀, ojú tó fi wò mí ò dáa àmọ́ ó tẹ̀ ẹ́.

Ọjọ́ pé, kò séèsì. Alhaji bá kọ òmíì pé kóòtù òṣìṣẹ́, ìyẹn National Industrial Court, ní ẹ̀ka ní Ìlọrin ńbí. Àwọn kan ti ń dẹ́rù bà mí pé oṣù mẹ́ta péré ni òfin fún èèyàn láti fi pe ìjọba lẹ́jọ́, Alhaji ní Supreme Court ti sọ ní 2019 pé ìyẹn ò de ọ̀rọ̀ àdéhùn iṣẹ́, síbẹ̀ kí n má sùn lé e lórí.

Èsì wá. Ìlànà tiwọn fúnra wọn ní ẹni tó ti pẹ́ jù nílé ìwé kan ló ń kọ́kọ́ ṣí kúrò. Mo fi so mọ́ ìwé ẹ̀bẹ̀ mi, wọ́n bá gbé mi sí Àjàṣẹ́ Ìpo, kò sí pẹ̀lẹ́ kankan nínú lẹ́tà yẹn, wọ́n ní iṣẹ́ ló fẹ́ bẹ́ẹ̀. Àwọn ọmọ Kaiama yẹn náà nílò tíṣà Maths, ó dùn mí, àmọ́ ẹni tó kàn ni kí wọ́n rán. Mo ń lọ mo ń bọ̀ lójúmọ́ báyìí, mi ò sì tíì ju fáìlì yẹn nù, tírańsífà míì ń bọ̀ lọ́nà.