Bí mọ́tò mi ṣe lóun ò mọ kọ́kọ́rọ́ mi mọ́

Láàárọ̀ ọjọ́ kan báyìí mo wọ mọ́tò, mo tẹ bírékì, mo tẹ bọ́tìnnì tó ń sítáàtì ẹ̀, ni dáṣíbọọ̀dù bá kọ ọ́ sí mi lójú pé òun ò rí kọ́kọ́rọ́. Kọ́kọ́rọ́ tó wà lápò mi o! Mo yọ ọ́ síta, mo gbé e síwájú ẹ̀ bí ẹni ń fi ìwé mọ́tò han ọlọ́pàá, kò dá mi lóhùn.

Bátìrì ló kọ́kọ́ sọ sí mi lọ́kàn. Mo fa irin tó wà nínú kọ́kọ́rọ́ yọ, mo fi la ìdí ẹ̀, CR2032 ló wà níbẹ̀, ẹ wo nọ́ńbà tara tiyín dáadáa kẹ́ẹ tó ra òmíì torí CR2025 àti CR2016 fẹ̀ bákan náà, nínípọn ni wọn ò fi dọ́gba. Mo fi tuntun sí i, mo sì kọ́kọ́ faṣọ nù ún, torí àwọn kan wà tí wọ́n fi nǹkan kíkorò kùn kọ́mọdé má bàa gbé e mì, ìyẹn sì lè má jẹ́ kíná kọjá. Mo padà sínú mọ́tò. Pàbó.

Ká sòótọ́, mi ò tiẹ̀ ronú ni. Bọ́tìnnì tó ń ṣílẹ̀kùn lára kọ́kọ́rọ́ yẹn ṣì ń ṣiṣẹ́, kódà láti òkèèrè! Ó túmọ̀ sí pé kọ́kọ́rọ́ ń sọ̀rọ̀, mọ́tò sì ń gbọ́. Àmọ́ tẹ́ẹ bá fẹ́ sítáàtì, mọ́tò ló máa kọ́kọ́ pe kọ́kọ́rọ́, ìpè yẹn ò sì lọ jìnnà rárá, kọ́kọ́rọ́ á wá dáhùn. Mo lọ mú kọ́kọ́rọ́ kejì tó ti wà nínú dúrọ́ọ̀ tipẹ́, òun náà ò ṣe nǹkan kan. Kọ́kọ́rọ́ méjì á ṣe bàjẹ́ lọ́jọ́ kan náà? Ọ̀dọ̀ mọ́tò lọ̀rọ̀ wà.

Mo ṣáà fẹ́ jáde, mo wá fi kọ́kọ́rọ́ kan bọ́tìnnì tó ń sítáàtì mọ́tò gan-an, mo tẹ̀ ẹ́, ó jí. Ṣíìpù kan wà nínú kọ́kọ́rọ́ tí ò nílò bátìrì, mọ́tò lè kà á tó bá sún mọ́ ọn pẹ́kípẹ́kí (ibi tẹ́ẹ máa gbé e sí lè yàtọ̀ nínú mọ́tò tiyín o, ẹ wo ìwé ẹ̀).

Nígbà tí mo dé, mo fi mítà wọn bátìrì mọ́tò fúnra ẹ̀, fóòtì 12.5, kò sí wàhálà. Mo jókòó, mò ń wò yíká, àfi bí mo ṣe rí ṣájà fóònù tuntun tí mo ti bọ ihò iná láàárín ṣíà méjèèjì lálẹ́ àná ẹ̀, ihò yẹn kì í sì í kú kódà tí mọ́tò bá wà ní pípa. Mo fà á yọ. Mo tẹ bọ́tìnnì, ó jí! Mo rò pé èèṣì ni, mo pa mọ́tò, mo dá ṣájà padà, ó kọ̀. Mo tún yọ ọ́, ó jí. Ariwo tétí wa ò lè gbọ́ ni ṣájà burúkú yẹn ń pa, kò sì jẹ́ kí kọ́kọ́rọ́ gbọ́ ìpè mọ́tò, bí ìgbà tẹ́nì kan ń rọra pè yín níbi tí wọ́n ti ń lu gángan.

Mo ti kó o dànù. Bátìrì tí mo yọ níjọ́sí ṣì wà nínú dúrọ́ọ̀, kò ṣẹ̀ mí rárá.