Bí a ṣe ń fi rúlà kan wọn ìyára ọwọ́

Kò sí ẹni tó ń gun ọ̀kadà lọ sí Ọjà Ọba l'Ákùúrẹ́ tí kò tíì bá ọlọ́kadà tó ń sọ̀rọ̀ lórí fóònù pàdé. Á ní kò dí òun lọ́wọ́. Àríyànjiyàn ò lè parí ẹjọ́ yẹn, ìdánwò ló lè parí ẹ̀. Iṣẹ́ sáíkọ́lọ́jì onídànwò (ìmọ̀ tó ń fi ìdánwò wádìí bí ọkàn èèyàn ṣe ń ṣiṣẹ́) nìyẹn láti 1879 tí Wilhelm Wundt ti dá yàrá ìwádìí sílẹ̀ ní Leipzig, Jámánì: ẹ yí ohun kan ṣoṣo padà, ẹ fi ìyókù sílẹ̀ bó ṣe wà, kí ẹ wá wọn ohun tó tẹ̀lé e. (Ẹ má ṣe é lórí ọ̀kadà o!)

Ẹ wá èèyàn 20, rúlà onísẹ̀ǹtímítà 30, àti yàrá tí ariwo jẹnẹrétọ̀ ò dé. Ẹ jẹ́ kí wọ́n mọ̀ pé ẹni tó bá sú lè dìde nígbàkigbà. Nọ́ńbà ni kí ẹ kọ, kì í ṣe orúkọ. Ẹ má sọ èsì tí ẹ ń retí, torí ẹni tó bá mọ̀ ọ́n á fẹ́ tẹ́ yín lọ́rùn.

Kí ẹni tí ẹ ń dán wò gbé apá lé tábìlì, kí ọwọ́ yọ síta, kí àtàǹpàkò àti ìka ìfábẹ̀lá fi sẹ̀ǹtímítà 2 jìnnà síra. Ẹ di rúlà mú lókè, kí òdo wà láàárín ìka méjèèjì. Ẹ jọ̀wọ́ rẹ̀ lójijì, kó gbá a mú, kí ẹ kọ iye tó wà lókè àtàǹpàkò.

Ibí ni ọ̀pọ̀ ti ń ba iṣẹ́ jẹ́. Tí ẹ bá ń dúró fún ìṣẹ́jú àáyá 2 ní gbogbo ìgbà, á ti kà á sọ́kàn, á pa ìka dé kí rúlà tó já. Ẹ máa yí i láàárín 1 sí 5. Ẹ má mí kanlẹ̀, ẹ má gbójú sókè, àmì ni. Iye tí kò bá tó sẹ̀ǹtímítà 5, àbá ló dá. Ẹ tún un ṣe. Mẹ́ta àkọ́kọ́ ò sí nínú ìṣirò, ọwọ́ ṣì ń mọ iṣẹ́ ni. Ẹ kọ 9 tó tẹ̀lé e.

Ọ̀nà méjì ni ẹnì kọ̀ọ̀kan máa gbà ṣe é: kó ṣe é ní ìdákẹ́jẹ́, kó sì tún ṣe é bó ṣe ń fi ẹnu kà láti 100 wá sílẹ̀, kó máa yọ mẹ́ta-mẹ́ta. Ìyẹn ló dúró fún ọ̀rọ̀ fóònù. Èdè kan ni kí gbogbo wọn fi kà: ẹni tó ń sọ mẹ́tàdínlọ́gọ́rùn-ún, mẹ́rìnléláàádọ́rùn-ún, ìṣirò lórí ìṣirò ló ń ṣe, ti Gẹ̀ẹ́sì ò rí bẹ́ẹ̀.

Ẹ fi bébà 20 sínú igbá kí wọ́n mú: 10 máa kọ́kọ́ dákẹ́, 10 máa kọ́kọ́ kà. Àìjẹ́ bẹ́ẹ̀, ó lè jẹ́ àárẹ̀ lẹ wọ̀n.

Fún ẹnì kọ̀ọ̀kan, ti ìdákẹ́jẹ́ lọ́tọ̀, ti kíkà lọ́tọ̀, ẹ to 9 náà láti kékeré sí ńlá, ẹ mú ìkarùn-ún. Rúlà tó bá já bọ́, ẹ kọ ọ́ sí "ju 30", ìparí ló máa wà, kò ní ba ti àárín jẹ́. Ẹ fi 490 pín ìkarùn-ún yẹn, ẹ tẹ √ lórí kalikulétọ̀: sẹ̀ǹtímítà 20 jẹ́ ìṣẹ́jú àáyá 0.20.

Ẹ wá ka iye ẹni tí kíkà dín ìyára wọn kù. Tó bá jẹ́ 15 tàbí jù bẹ́ẹ̀, èèṣì lásán ò lè mú un wá tó ìgbà 5 nínú 100. Tó bá jẹ́ 11 tàbí 12, owó ẹyọ tí a jù sókè náà lè ṣe bẹ́ẹ̀.