Postman ń gbà á, browser ń kọ̀ ọ́: níbo ni wàhálà fọ́ọ̀mù yìí wà?

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o. Mo ṣe fọ́ọ̀mù kan tí àwọn oníbàárà á máa fi ra aṣọ. HTML àti JavaScript ló wà níwájú, lórí localhost:3000 (kọ̀ǹpútà mi fúnra rẹ̀, port 3000). PHP àti MySQL ló wà lẹ́yìn, lórí localhost:8000. Bí mo bá ti tẹ bọ́tìnnì, “blocked by CORS policy” ni browser ń kọ. Mo fi Postman (irinṣẹ́ tí a fi ń dán server wò) rán JSON (dátà tí a kọ bí ọ̀rọ̀) kan náà, PHP sì dá mi lóhùn. Ṣé PHP ló ní àṣìṣe ni àbí JavaScript?

Ìdáhùn: JavaScript yín kò ṣe nǹkan kan. PHP ni kò tíì sọ ohun tí browser fẹ́ gbọ́. CORS ni òfin tí browser fi ń mọ ìgbà tí kóòdù ojú-ìwé kan lè ka èsì tó wá láti ibòmíràn. Browser máa ń wo nǹkan mẹ́ta tí à ń pè lápapọ̀ ní origin: http tàbí https, orúkọ server, àti nọ́ńbà port. Bí ẹyọ kan bá ti yàtọ̀, àlejò ni iwájú àti ẹ̀yìn jẹ́ sí ara wọn. Kóòdù tó wá láti 3000 kò lè ka èsì 8000, àfi tí 8000 bá fẹnu ara rẹ̀ yọ̀ǹda. Postman kì í ṣe browser, òfin yìí kò sì kàn án.

Nítorí pé JSON lẹ ń rán, browser á kọ́kọ́ fi ìbéèrè kan tó ń jẹ́ OPTIONS tọrọ àyè kí POST, ìbéèrè tó gbé dátà fọ́ọ̀mù, tó lọ. Ẹ jẹ́ kí PHP fi 204 (ó gbà, kò sí ohun kíkà) dáhùn OPTIONS náà, pẹ̀lú ìlà méjì yìí:

Access-Control-Allow-Origin: http://localhost:3000
Access-Control-Allow-Headers: Content-Type

Ìlà àkọ́kọ́ gbọ́dọ̀ wà nínú èsì POST pẹ̀lú. Ọ̀pọ̀ ló ń gbàgbé ìyẹn. Ohun mìíràn tó ń tan ènìyàn jẹ: bí PHP bá kú sọ́nà pẹ̀lú 500 (àṣìṣe inú server) kó tó kọ ìlà náà, CORS náà ni browser ṣì máa pariwo. Nítorí náà, ẹ tẹ F12, ẹ ṣí Network, kí ẹ wo nọ́ńbà tí server fi dáhùn, kí ẹ sì ka error log PHP. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má fi “no-cors” (ètò kan nínú fetch, àṣẹ tí JavaScript fi ń rán ìbéèrè) wá ọ̀nà àbùjá. Kò ní jẹ́ kí JavaScript yín rí èsì kankan kà.

Ìbéèrè: Ẹ ṣeun, CORS ti lọ. “Unexpected token '<'” ló kù báyìí.

Ìdáhùn: HTML ni PHP dá padà, JSON sì ni JavaScript ń retí. Ẹ wo Response nínú Network: ẹ máa bá ìkìlọ̀ PHP tàbí ojú-ìwé 404 (a kò rí i) níbẹ̀. Ohun tó bá kọ síbẹ̀ ni kẹ́ ẹ tún ṣe.

Ìbéèrè: Oníbàárà ti wọlé tán, síbẹ̀ PHP ń ṣe bí ẹni tí kò mọ̀ ọ́n rí.

Ìdáhùn: Cookie, ìwífún kékeré tí a fi ń dá ẹni tó wọlé mọ̀, kò bá fetch lọ. Ẹ fi credentials: 'include' sínú fetch, kí PHP sì kọ Access-Control-Allow-Credentials: true. Ẹ ò gbọdọ̀ fi * rọ́pò orúkọ origin níbi tí cookie bá wà; browser á kọ̀ ọ́. Bí iwájú àti ẹ̀yìn bá wá wà lórí domain tó yàtọ̀ pátápátá lọ́jọ́ iwájú, cookie náà á nílò SameSite=None (àmì tó ń jẹ́ kó lè lọ láàárín domain méjì) àti Secure, lórí https.

Ìbéèrè: JavaScript ti ń yẹ owó ọjà wò. Ṣé PHP tún ní láti yẹ̀ ẹ́ wò ni?

Ìdáhùn: Dandan ni! Ọwọ́ oníbàárà ni JavaScript wà, ó lè yí i padà bó ṣe wù ú, tàbí kó fi Postman rán ohun tó bá fẹ́, bí ẹ̀yin náà ṣe ṣe. CORS kò dí ìyẹn lọ́wọ́ rárá. Kí JavaScript rán nọ́ńbà ìdánimọ̀ aṣọ àti iye tí wọ́n fẹ́ rà nìkan. Kí PHP fi prepared statement (àṣẹ MySQL tó ya dátà oníbàárà sọ́tọ̀ kúrò lára kóòdù) wá owó rẹ̀ nínú MySQL, kó sì ṣe ìṣirò náà fúnra rẹ̀.