Bẹ́ ẹ ṣe lè kọ́ṣẹ́ eré fíìmù lára Lázaro Ramos, kẹ́ ẹ sì wà n'Ìlọrin

Ẹ̀yin ọmọ Kwara tẹ́ ẹ fẹ́ fi eré ṣíṣe jẹun, yálà Ìlọrin lẹ wà o, àbí Ọ̀fà, àbí Òmù-Àrán, ọ̀kan nínú àwọn tó yẹ kẹ́ ẹ máa wo iṣẹ́ ẹ̀ dáadáa ni ọkùnrin Brazil kan tó ń jẹ́ Lázaro Ramos. Ìlú Salvador ní Bahia ni wọ́n bí i sí lọ́dún 1978, adúláwọ̀ bíi tiwa ni, ìlú ẹ̀ yẹn náà ni wọ́n ti ń ta àkàrà létí títì tí wọ́n sì ń fi èdè wa kọrin fún òrìṣà títí dòní. Ìdí tí mo fi mú òun nínú gbogbo òṣèré ni pé ìlú ẹ̀ ló ti kọ́ṣẹ́, ẹgbẹ́ tíátà ibẹ̀ ló tọ́ ọ dàgbà, kó tó di pé ó bọ́ síta. Ọ̀pọ̀ nínú wa, tí wọ́n bá ti sọ pé àwọn fẹ́ ṣe fíìmù, Èkó ló kàn, wọ́n á lọ máa sùn sí pálọ̀ onípálọ̀. Ẹ mú sùúrù ná.

Ohun àkọ́kọ́ ni kẹ́ ẹ wá ẹgbẹ́. Bando de Teatro Olodum lorúkọ ẹgbẹ́ tí Lázaro wọ̀ nígbà tó ṣì wà lọ́dọ̀ọ́langba, 1990 ni wọ́n dá a sílẹ̀ ní Salvador, àwọn adúláwọ̀ ló kún ibẹ̀. Ní 1992 ẹgbẹ́ yìí gbé eré kan jáde lórí ìtàgé tí wọ́n pè ní Ó Paí, Ó, ìtàn àwọn tó ń gbé ilé ayàlégbé kan ládùúgbò Pelourinho ni, ohun tí ojú wọn ń rí lójoojúmọ́ náà ni wọ́n ń ṣe. Ẹ wá wo ibi tí eré yẹn rìn dé o: 2007 ó di sinimá, Lázaro ló ṣe Roque, ẹnì kan tó ń fi kíkun ọ̀dà jẹun tó sì ń wá bó ṣe máa di olórin, ìyá onílé tó le kokooko sì wà níbẹ̀ tó lọ ti omi pa mọ́ àwọn ayàlégbé lọ́wọ́ nígbà tí gbogbo ìlú ń ṣe Carnival, àríyá ńlá ìta gbangba wọn, 2008 ó di eré tẹlifíṣọ̀n, 2023 wọ́n tún ṣe apá kejì. Àwọn ọmọ ẹgbẹ́ yẹn ló pọ̀ nínú ẹ̀. Ìjà omi lásán o! Ṣé kò sírú ìyẹn lágboolé yín l'Ókè-Màlé ni, àbí nílé fèésì-mí-mo-fèésì-ẹ tẹ́ ẹ rẹ́ǹtì ní Tanke? Ẹ mú ìwé kékeré kan, tí wọ́n bá ti ń jà nídìí kànga, ẹ kọ bí wọ́n ṣe ń sọ̀rọ̀ gan-an sílẹ̀, ẹni tó kọ́kọ́ bú ẹnì kejì, ẹni tó ń bẹ̀bẹ̀ ṣùgbọ́n tó ń dáná sí i lábẹ́lẹ̀, ohun tẹ́ ẹ máa ṣe lórí ìtàgé nìyẹn.

Níbo lẹ ti máa rí ẹgbẹ́? Àwọn akẹ́kọ̀ọ́ Performing Arts ní Unilorin máa ń ṣeré, àwọn ti KWASU ní Màlété náà ń ṣe, kò sì pọn dandan kẹ́ ẹ jẹ́ akẹ́kọ̀ọ́ kẹ́ ẹ tó lọ wòran. Ẹ lọ wò ó, tí wọ́n bá parí, ẹ dúró bá wọn kó àga, ẹ kí àwọn ọ̀gá ibẹ̀ dáadáa, ẹ béèrè ìgbà tí wọ́n tún máa ṣe rìhásà. TAMPAN, ẹgbẹ́ àwọn òṣèré Yorùbá, náà ní ẹ̀ka ní Kwara, àwọn ọ̀gá tó ń gba ọmọ iṣẹ́ wà láàárín wọn. Tẹ́ ẹ bá ti wọlé, ẹ má kánjú pé ẹ fẹ́ gba ipò olú-òṣèré, ẹ gbálẹ̀, ẹ di aṣọ, ẹ há ọ̀rọ̀ tiyín sórí kẹ́ ẹ sì há ti ẹlòmíì mọ́ ọn, torí lọ́jọ́ tí ara onítọ̀hún ò bá yá, ẹ̀yin ni wọ́n máa tì síwájú. Ẹni tó bá sì ní kẹ́ ẹ gbé owó ńlá wá kóun tó fi yín sínú fíìmù, ẹ sá fún un. Wọ́n ti gba owó lọ́wọ́ àwọn ọmọ wa kan báyẹn, wákàpáàsì lásán ni wọ́n fi wọ́n ṣe, ojú wọn ò tiẹ̀ hàn.

Ẹ má fi iṣẹ́ tó ń bọ́ yín sílẹ̀ o. Lázaro kọ́ṣẹ́ láàbù, àwọn tó ń yẹ ẹ̀jẹ̀ wò, ó sì ṣe é kí eré tó máa bọ́ ọ. Wagner Moura, ọ̀rẹ́ ẹ̀ tí wọ́n jọ wá láti Bahia, tó ṣe Pablo Escobar nínú Narcos, iṣẹ́ ìròyìn lòun kà ní yunifásítì. Ẹ má jẹ́ ká lọ jìnnà, Fẹ́mi Adébáyọ̀ tiwa n'Ìlọrin níbí, lọ́yà ni. Torí náà ẹ ránṣọ, ẹ ṣe POS, ẹ kọ́ àwọn ọmọ níwèé, ohun tó ṣe pàtàkì ni kí iṣẹ́ yẹn jẹ́ kẹ́ ẹ lè ráàyè rìhásà nírọ̀lẹ́.

Ẹ tún ohùn àti ara yín ṣe. Inú mi kì í dùn tí mo bá rí ọmọ Ìgbómìnà tó ń pa ohùn ẹ̀ tì, tó fẹ́ máa sọ̀rọ̀ bí ará Èkó torí kámẹ́rà. Ẹ kọ́ Yorùbá gbogbogbò, ó dáa, ẹ máa nílò ẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí ti ilé wà níbẹ̀ torí ọjọ́ kan dáírẹ́kítọ̀ kan á wá òun gan-an. Ẹ lọ jókòó síbi tí wọ́n ti ń kọ dadakúàdà, ẹ wo ibi tí olórin ti ń mí, bó ṣe ń fa ọ̀rọ̀ gígùn láìjẹ́ kó já. Ti ara náà ńkọ́? Nínú Lado a Lado, eré tẹlifíṣọ̀n tó bẹ̀rẹ̀ ní 2012 tó sì gba International Emmy, àmì-ẹ̀yẹ àgbáyé fún eré tẹlifíṣọ̀n, ní 2013, bábà, ìyẹn agẹrun, tó tún ń ja capoeira, ìjà tó dà bí ijó táwọn adúláwọ̀ Brazil ń jà, ni Lázaro, ẹsẹ̀ ẹ̀ gbọ́dọ̀ sọ̀rọ̀. Àwa náà ní egúngún Eléwe nílẹ̀ Ìgbómìnà, ẹ wo ẹsẹ̀ wọn dáadáa tí wọ́n bá jáde.

Ó wá kan ọ́díṣọ̀n orí fóònù, torí fídíò ni ọ̀pọ̀ wọn ń béèrè báyìí. Ẹ fi fóònù sí ìbú, ẹ má gbé e nàró, ẹ gbé e lé orí nǹkan tó ga dé ojú yín kí nǹkan má baà mú un mì. Ẹ kojú sí fèrèsé, ẹ má kẹ̀yìn sí i, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ ojú yín á dúdú kirikiri, wọn ò ní rí nǹkan kan. Yàrá tí ò sí ẹrù nínú ẹ̀ máa ń dún padà, ẹ gbé fóòmù kan ti ògiri. Jẹnẹrétọ̀ àwọn aládùúgbò ni wàhálà tó pọ̀ jù, àsìkò tó dáa jù ni lẹ́yìn ìrun Súbúhì tí ilẹ̀ bá ti mọ́, kí ọ̀kadà tó bẹ̀rẹ̀ sí í pariwo. Ẹni tó ń bá yín ka ọ̀rọ̀ ẹnì kejì, kó dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ fóònù, kó sì rọra sọ̀rọ̀ torí òun ló sún mọ́ ọn jù, ojú ẹni yẹn ni kẹ́ ẹ máa wò, kì í ṣe inú kámẹ́rà.

Ìgbà wo lèèyàn wá ń lọ sílùú ńlá? Ìgbà tí iṣẹ́ bá gbé e lọ ni. Ní 2000, eré ìtàgé kan tó ń jẹ́ A Máquina ló kó Lázaro, Wagner Moura àti Vladimir Brichta pọ̀, eré yẹn ni Rio fi mọ̀ wọ́n. Ọdún méjì lẹ́yìn ẹ̀ ló ṣe olú-òṣèré Madame Satã, ìtàn ẹnì kan tó gbé ayé lóòótọ́ ní Lapa, àdúgbò kan ní Rio, ọ̀daràn, oníjà, tó tún ń wọṣọ obìnrin jó lórí ìtàgé, fíìmù yẹn sì dé Cannes, àjọ̀dún fíìmù ńlá ilẹ̀ Faransé. Ipò tó le gan-an ni, ẹlòmíì á sá fún un. Ṣùgbọ́n 2006 ó yí padà ó ṣe Foguinho, òtòṣì aláwàdà tó fèrú gba ogún olówó, nínú Cobras & Lagartos, gbogbo ìdílé ló ń wò ó, wọ́n sì fà á kalẹ̀ fún International Emmy. Ohun tí mo fẹ́ kẹ́ ẹ kọ́ níbẹ̀ nìyẹn: tí wọ́n bá ti ń fi yín ṣe jàǹdùkú ṣáá, ẹ bá dáírẹ́kítọ̀ sọ ọ́ pẹ̀lú ọ̀wọ̀, pé ẹ jọ̀ọ́ sà, ẹ dán mi wò síbòmíì, mo lè ṣe tíṣà, mo lè ṣe àáfà.

Tí wọn ò bá wá fún yín, ẹ ṣe tiyín. Òun àti ìyàwó ẹ̀, Taís Araújo, jọ ṣe eré tẹlifíṣọ̀n Mister Brau láti 2015 dé 2018. Ní 2011 ó darí eré ìtàgé kan, Namíbia, Não!, ìtàn ìjọba tó pàṣẹ pé kí wọ́n kó gbogbo adúláwọ̀ Brazil padà s'Áfíríkà, kò jẹ́ kó kú síbẹ̀, ó sọ ọ́ di sinimá Medida Provisória tó jáde ní Brazil ní 2022. Èyí tẹ́ ẹ bá ṣe níwájú èèyàn péréte ládùúgbò Challenge lónìí, ẹ tọ́jú ìwé ẹ̀. Ìjọba ti kọ́ sítúdíò fíìmù Sugar Factory sílùú yìí, ẹni tí ìtàn ẹ̀ ti wà nílẹ̀ ló máa rí nǹkan gbé lọ bá wọn.

Tẹ́ ẹ bá fẹ́ bẹ̀rẹ̀ sí í wò ó, Ó Paí, Ó ni kẹ́ ẹ fi ṣíwájú, kẹ́ ẹ wá ẹ̀dà tó ní kíkọ òyìnbó nísàlẹ̀. Ẹ wò ó lẹ́ẹ̀kan láti gbọ́ ìtàn, lẹ́yìn náà ẹ pa ohùn ẹ̀, kẹ́ ẹ máa wo ọwọ́, ọrùn àti ibi tó ń gbé ojú sí tí ẹlòmíì bá ń sọ̀rọ̀. Ẹ yan síìnì kan, ẹ sọ ọ́ di Yorùbá ilé yín, ẹ jọ ṣe é nínú ẹgbẹ́. Lẹ́yìn ìyẹn lẹ máa wo Medida Provisória, kẹ́ ẹ fi Madame Satã ṣe ìkẹyìn, ibi kan wà nínú ẹ̀ tí kò yẹ ọmọdé, torí náà ẹ má wò ó ní pálọ̀ tí àwọn ọmọ bá ṣì ń rìn kiri.