Kàtúùn tí mo fọwọ́ yà ń ṣe bàìbàì lẹ́yìn tí mo fún un pọ̀

Ìbéèrè: Ẹ̀gbọ́n, ẹ kú iṣẹ́ o. Lágere ní Ifẹ̀ níbí ni mò ń gbé. Àlọ́ ìjàpá ni mo yà, ìṣẹ́jú 4, mo sì fi HandBrake (ètò kọ̀ǹpútà tó ń sọ fídíò di kékeré) fún un pọ̀. Nǹkan bí eruku bo etí gbogbo ìlà dúdú. Ojú ọ̀run ìrọ̀lẹ́ tí mo kùn wá di ìlà-ìlà bí aṣọ òfì.

Ìdáhùn: Àbúrò, fáìlì wo lo fún pọ̀? Bó bá jẹ́ èyí tí o gbà lórí WhatsApp ni, WhatsApp ti fún un pọ̀ ṣáájú rẹ, ohun tó sọnù níbẹ̀ ò ní padà mọ́. Wá ògidì rẹ̀.

Eruku yẹn: ẹ̀rọ máa ń gé àwòrán sí igun mẹ́rin kéékèèké, á da ohun tó rò pé ojú ò ní rí nù. Nínú fídíò igbó, ewé á bo àṣìṣe rẹ̀. Ìlà dúdú lórí funfun gbalasa ò ní ibi ìsápamọ́. Fi RF, nọ́ńbà tó ń pinnu bí àwòrán ṣe máa mọ́ nínú HandBrake, sí 18 (bí nọ́ńbà yìí ṣe ń kéré ni àwòrán ń mọ́, tí fáìlì sì ń tóbi).

Ti ojú ọ̀run: ìpele àwọ̀ tí kò tó ló sọ ọ́ di ìlà-ìlà. Fídíò 8-bit ní ìpele 256 péré fún àwọ̀ kọ̀ọ̀kan, 10-bit ní 1024. Yan H.265 10-bit níbi tí wọ́n ti ń yan irú ìfúnpọ̀ fídíò. Fóònù àtijọ́ míì lè má gbé e o.

Ìbéèrè: Ọ̀rẹ́ mi ní kí n tan Denoise (ohun tó ń nu ìdọ̀tí kúrò lójú àwòrán nínú HandBrake), pé fáìlì á kéré sí i.

Ìdáhùn: Á kéré lóòótọ́, àwọn ìlà tí o fà á sì bá a lọ! Ìdọ̀tí ni Denoise ka ìlà tín-ín-rín àti ara bébà sí. Mo ti rí iṣẹ́ oṣù mẹ́ta tó dán bíi ike nítorí rẹ̀. Pa á.

Tàdáwà lo fi fa ìlà ni àbí pẹ́ńsù? Bó bá jẹ́ tàdáwà pẹ̀lú àwọ̀ pẹrẹsẹ, yan "animation" níbi Tune. Ṣùgbọ́n òun náà máa ń fọwọ́ ra ojú àwòrán, nítorí náà, bó bá jẹ́ pẹ́ńsù, "grain", tó ń dá ara bébà sí, ni kí o yàn.

Ìbéèrè: Pẹ́ńsù ni, sà. Fáìlì ò ní tóbi jù?

Ìdáhùn: Á tóbi díẹ̀. Ìṣẹ́jú 4 náà ni ṣá. Kọ́kọ́ fi Preview dán ìṣẹ́jú-àáyá 30 wò níbi tí ojú ọ̀run wà, lórí kọ̀ǹpútà, kì í ṣe fóònù. Tí o bá fẹ́ fi ránṣẹ́ lórí WhatsApp, fi í ránṣẹ́ bíi document, kó má baà tún un fún pọ̀. Tó bá ṣì yọ ọ́ lẹ́nu, gbé ògidì wá sí ṣọ́ọ̀bù mi ní Sábó, lọ́jọ́ tí iná bá wà.