Bí A Ṣe Ń Dá Ibi Abàmì Tó Léwu Sílẹ̀ Nínú Ayé Àròsọ

Òkùnkùn biribiri, agbárí ènìyàn lẹ́nu ọ̀nà, òwìwí lórí igi gbígbẹ. Tí mo bá ti rí mẹ́tẹ̀ẹ̀ta lójú ewé kan ṣoṣo, mo ti mọ̀ pé ẹni tó kọ ìtàn náà kò tíì mọ ohun tó ń pa ènìyàn níbẹ̀. Òfin ibi kan ló ń mú kó bani lẹ́rù. Àwọn nǹkan yòókù, ọ̀ṣọ́ lásán ni.

Nítorí náà, kí ẹ tó ya igi kan sínú àwòrán ibẹ̀, ẹ kọ òfin náà sílẹ̀ ní gbólóhùn kan. Kí ni ènìyàn máa ṣe tí ibẹ̀ yóò fi mú un? Èyí tí màá lò rèé: ní àfonífojì kan, ọ̀rọ̀ ẹnu wúwo, ohun tí wọ́n bá sọ níbẹ̀ kì í fò lọ, ilẹ̀ ló ń rọ̀ sí, ẹni tó bá sì mí i símú yóò pàdánù ohùn ara rẹ̀, ohùn ẹlòmíràn ni yóò máa fi sọ̀rọ̀.

N kò ṣàdédé rí òfin yìí. Ní alẹ́ ọjọ́ 21, oṣù kẹjọ, ọdún 1986, gáàsì carbon dioxide tú jáde láti inú Adágún Nyos ní Kamẹrúùnù. Gáàsì náà wúwo ju afẹ́fẹ́ lọ, kò sì ní àwọ̀. Ó ṣàn wọ àwọn àfonífojì bí omi, ó pa ènìyàn bíi 1,700 àti ẹran ọ̀sìn tó lé ní 3,000. Ọ̀pọ̀ ló sùn tí kò jí mọ́, bẹ́ẹ̀ ni ilé wọn kò wó. Bí ilẹ̀ ayé gidi ṣe ń ṣiṣẹ́ ni kí ẹ yá lò o. Ẹ má fi ikú àwọn ènìyàn wọ̀nyẹn ṣe àlọ́ àpagbè.

Lẹ́yìn èyí, ẹ fún òfin náà bí ẹní fún aṣọ, kí gbogbo omi inú rẹ̀ jáde. Iṣẹ́ gidi wà níbí, ẹ má kánjú. Tí ọ̀rọ̀ bá ń rọ̀ sílẹ̀, ẹni tó dúró kò séwu, ẹni tó jókòó ń fikú ṣeré, ẹni tó sùn ti lọ. Ọmọdé kò gbọdọ̀ fẹsẹ̀ rìn níbẹ̀, èjìká ni wọ́n ń gbé e sí. Ajá tó bá gba ibẹ̀ kọjá yóò délé, yóò sì máa fi ohùn ìyá arúgbó kan pe àwọn ọmọ lórúkọ. Ohun tó bá já bọ́ lọ́wọ́ ènìyàn, ilẹ̀ ló ni ín, torí kò sẹ́ni tó máa bẹ̀rẹ̀ mú un. Owó àti òrùka wá kún ojú ọ̀nà, wọ́n ń dán yinrinyinrin lójú oòrùn. Owó yẹn ni mo fẹ́ràn jù nínú gbogbo rẹ̀. Àlejò tó bá rí i nílẹ̀ tí ẹnikẹ́ni kò fọwọ́ kàn án yóò ti fura, láìsí agbárí, láìsí òwìwí.

Ẹ wá sọ ibẹ̀ lórúkọ, àmọ́ ẹ jọ̀ọ́, kì í ṣe Àfonífojì Ikú. Àwọn ará ibẹ̀ ń pe tèmi ní Má-bẹ̀rẹ̀. Ìkìlọ̀ ni: má tẹ̀ ba. Àlejò gbọ́ orúkọ yìí, ó rò pé ìrìn àjò ni wọ́n ní kí òun má bẹ̀rẹ̀. Ó fi wọ́n rẹ́rìn-ín, ó wọ̀ ọ́. Nígbà tó rẹ̀ ẹ́, ó wá ibi tó tutù, ó jókòó.

Ó gbọ́dọ̀ ní ohun tó ń fa ènìyàn lọ síbẹ̀. Ọ̀nà àbùjá lè ṣe é, ṣùgbọ́n ó ti sú mi. Ẹ rò ó wò: ọkùnrin kan tí ìyá rẹ̀ kú sí Má-bẹ̀rẹ̀ mọ̀ pé tí òun bá kúnlẹ̀ níbi tó ṣubú sí, òun yóò gbọ́ ohùn rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan sí i, láti ẹnu ara òun.

Èyí tó kù ni ọ̀nà àbáyọ. Ẹ má tú òfin nítorí akọni yín, òǹkàwé kì í dárí ìyẹn jini. Ní 2001, wọ́n ri páìpù bọ Adágún Nyos kí gáàsì lè máa jáde díẹ̀díẹ̀. Àwọn ará Má-bẹ̀rẹ̀ náà lè ri ọparun gígùn mọ́lẹ̀ kí ọ̀rọ̀ tó ti kó jọ lè gba inú rẹ̀ jáde. Ṣùgbọ́n ẹnì kan ní láti bẹ̀rẹ̀ kó tó lè rì í. Ẹ mọ ẹni náà kí ẹ tó kọ ojú ewé àkọ́kọ́.